Ohùn Ta Ló Wà Lẹ́nu Donato?

Ọkọ mi ti kú ní ìgbà mọ́kànléláàádọ́rin, èmi ni mo sì rán gbogbo ẹ̀wù tó fi kú. Wọ́n ti yìnbọn fún un, wọ́n ti fi ọ̀kọ̀ gún un, wọ́n ti yẹgi fún un, kìnnìún ti fà á ya lẹ́ẹ̀mejì, ìyàwó oníyàwó sì ti bu májèlé sínú ọbẹ̀ fún un ní ọdún tí mo bí Assunta. Iṣẹ́ aránṣọ ni mò ń ṣe níbi tí wọ́n ti ń ya fíìmù ní Róòmù. Bí Donato yóò bá kú ní Ọjọ́rú, láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni mo ti máa ń rán àpò ẹ̀jẹ̀ kékeré mọ́ inú ẹ̀wù rẹ̀. Mo máa ń mọ ibi tí ọta máa gbà wọlé kí ẹni tó máa yìnbọn tó mọ̀.

Ẹ má ṣàánú rẹ̀ o. Ikú yẹn ló fún wa ní ilé oníyàrá méjì àti fèrèsé tó kọjú sí ojú irin. Ojú ni Ọlọ́run fi ta Donato lọ́rẹ. Ìbaaka ta á nípàá nígbà tó wà lọ́mọ ọdún mẹ́sàn-án, imú rẹ̀ wọ́ lọ sí ọ̀tún, irun òkè ojú rẹ̀ kan kò sì hù mọ́. Tí o bá rí ojú yẹn nínú bọ́ọ̀sì, ọwọ́ rẹ á ti dé orí àpò rẹ kí o tó rò ó. Símẹ́ǹtì ló wá ń rù ní Róòmù ní ọdún 1953. Lọ́jọ́ kan, ó ru pákó gba àárín àwọn tó ń ya fíìmù kọjá, olùdarí wọn sì figbe ta pé kí wọ́n dá ojú yẹn dúró, kí wọ́n má jẹ́ kó lọ. Láti ọjọ́ náà ló ti di olè, ó di ọmọ ogun tó ń bá ọ̀gá mú ẹṣin, ó di agbẹ́sàréè, ó di ọlọ́ṣà orí òkun, ó di ará Mẹ́síkò. Nígbà tí fíìmù àwọn adaran oníbọn gbòde, wọ́n tilẹ̀ yí orúkọ rẹ̀ padà kúrò ní Donato Scarfiello. Wọ́n kọ Dan Scarfield sára ìwé ògiri, kí àwọn èèyàn lè rò pé Amẹ́ríkà ló ti wá. Wọ́n ka ìwé ògiri náà fún bàbá rẹ̀ ní Serrabruna, ìlú wa lórí òkè, bàbá sì ní, "Ta ni Dan? Ọmọ ta ni?"

A fi ti orúkọ rẹ́rìn-ín. Ti ohùn ni kò pa wá lẹ́rìn-ín.

Bí a ṣe ń ṣe é nílẹ̀ wa nìyí. Lọ́jọ́ tí a bá ń ya fíìmù, ohùn kò já mọ́ nǹkan kan. Káfíńtà ń kan ìṣó, olùdarí ń pariwo, ará Jámánì ń sọ Jámánì fún ará Sípéènì, òun náà ń fi ti Sípéènì dá a lóhùn, Donato tí kò sẹ́ni tó fún ní ìwé ọ̀rọ̀ sì ń ka oókan, eéjì, ẹẹ́ta kí ètè rẹ̀ ṣáà lè máa mì. Lẹ́yìn oṣù mélòó kan, àwọn kan tí ohùn wọn mọ́ á wọ yàrá dúdú kan lọ, wọ́n á máa wo ètè àwọn òṣèré lára aṣọ funfun, wọ́n á sì máa fi ohùn tiwọn sí i. Gbogbo Ítálì ló mọ̀ bẹ́ẹ̀, kò sì bí ẹnikẹ́ni nínú. Ohùn ọkọ mi dà bí ìgbà tí wọ́n ń wọ́ àpò òkúta nílẹ̀. Ohùn òkè Lucania, agbègbè tí a ti wá, ni, ohùn ẹni tó ń pe ewúrẹ́ láti òdì kejì àfonífojì. Wọ́n ní kò ṣe é gbọ́ sétí. Nítorí náà, fún ọdún méjìdínlógún, ọkùnrin ará Siena kan tó ń jẹ́ Ludovico Anselmi ló ń sọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Ohùn Anselmi ń dán bí bàtà ọjọ́ Àjíǹde. Donato á wọ ilé ọtí tòun ti ẹrẹ̀ lára, á la ẹnu béèrè wáìnì, ẹ ó rò pé bíṣọ́ọ̀bù ló ń tọrọ omi.

Nígbà tí a bá lọ sílé, àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ á fà á lẹ́sẹ̀. "Donà, ṣé ojú wa ló ń tì ọ́ ni? Níbo lo ti rí ohùn lọ́yà yẹn rà?" Ó ṣàlàyé títí, kò yé wọn. Nígbà tó sú u, ó dákẹ́.

Ní ọdún 1972 ni Malvisi dé. Flavio Malvisi, ọmọ olówó láti Mìláánù, ẹni ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n tó ń wọ kóòtù àrán nínú oòrùn. Olùdarí fíìmù ni. Ó fẹ́ràn àwọn tálákà débi pé kò lè jókòó tì wọ́n kí omi má bọ́ lójú rẹ̀. Fíìmù rẹ̀ dá lórí àwọn àgbẹ̀ tí kò ní ilẹ̀, tí wọ́n lọ gbin ọkà sí oko tí onílẹ̀ ńlá ti pa tì, tí ọlọ́pàá sì kó wọn lọ sí kóòtù. Ní ìparí, àgbẹ̀ àgbàlagbà kan máa dìde níwájú adájọ́, á sì sọ̀rọ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́rin gbáko. Ọkọ mi kò tíì lo ju ìṣẹ́jú kan ààbọ̀ lọ rí kí wọ́n tó pa á.

Ohun tí Malvisi kò mọ̀ ni pé ilé wa gan-an ni irú ìtàn yẹn ti ṣẹlẹ̀. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1949, bàbá ọkọ mi, Canio Scarfiello, wà lára àwọn tó kó irúgbìn lọ sí ilẹ̀ onílẹ̀ ní Serrabruna. Wọ́n mú un. Nígbà tí wọ́n gbé e dé kóòtù, ó dìde, ó sọ̀rọ̀ ní èdè wa. Donato wà níbẹ̀, ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni, ó sì gbọ́ gbogbo rẹ̀ títí adájọ́ fi jágbe mọ́ bàbá pé kó pa ẹnu mọ́. Oṣù mẹ́jọ ni bàbá fi ṣẹ̀wọ̀n. Lẹ́yìn náà ni lọ́yà wá ka ohun tí akọ̀wé kóòtù kọ sínú ìwé fún wa. Ìlà kan péré ni: "Olùjẹ́jọ́ kò ní ohun kan láti sọ." Oṣù mẹ́jọ kò dun bàbá tó ìlà kan yẹn. Wọ́n lè tì í mọ́lé, kò bú wọn fún ìyẹn. Ṣùgbọ́n pé ó sọ̀rọ̀, wọ́n sì kọ ọ́ sílẹ̀ pé odi ni, kò dárí rẹ̀ ji ẹnikẹ́ni títí di òní olónìí.

Ẹ ti wá rí ohun tí ìṣẹ́jú mẹ́rin yẹn jẹ́ fún ọkọ mi.

Ní ilé oúnjẹ, níwájú àwo ṣàkì, Donato bi Malvisi. Èmi náà wà níbẹ̀.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ohùn ta ló máa wà lẹ́nu bàbá àgbẹ̀ yìí?"

"Tìẹ ni, Donato! Ohùn tìẹ! Mo fi ìyá mi búra."

"Ṣé ìyá yín ṣì wà láyé?"

"Ó wà. Ara rẹ̀ le koko."

"Ẹ rọra fi wọ́n búra, kí wọ́n lè pẹ́ fún yín."

Malvisi rẹ́rìn-ín títí. Èmi kò rẹ́rìn-ín. Ọmọdé tó ń pe àgbàlagbà ní ìwọ tí kò wojú rẹ̀, mi ò mọ ìbúra tí irú ẹni bẹ́ẹ̀ lè mú ṣẹ.

Wọ́n kó ìwé ọ̀rọ̀ fún un. "Ìwọ ilẹ̀, ìyá mi, jẹ́ kí n sùn sórí ọmú rẹ." Mo ní, "Àgbẹ̀ wo ló ń bá ilẹ̀ sọ̀rọ̀ ọmú?" Donato há a sórí, ó ní iṣẹ́ ni iṣẹ́. Ṣùgbọ́n bí mo bá ń lọ aṣọ nírọ̀lẹ́, ọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀ ni mo máa ń gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ láti yàrá kejì, bó ṣe rí gẹ́lẹ́, pẹ̀lú ibi tí bàbá ti mí àti ibi tó ti wúkọ́. Ó ní òun máa bẹ Malvisi kó jẹ́ kí òun fi rọ́pò tọmú.

Àárọ̀ ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ ya á ni Malvisi wá bá wa, ojú rẹ̀ wà nílẹ̀.

"Donato, àwọn tó gbé owó kalẹ̀ ní Anselmi làwọn fẹ́. Apá mi ò ká a. Ojú rẹ ni mo nílò, ojú yẹn nìkan tó. Má wulẹ̀ da ara rẹ láàmú lórí ìwé yẹn, ṣáà máa ka òǹkà. A ò ní lè yà á lẹ́ẹ̀mejì o, ọ̀sán yìí ni wọ́n máa wó kóòtù yìí, àwọn ẹlòmíràn fẹ́ kọ́ ààfin ọba Lárúbáwá síbẹ̀."

"Òǹkà," ni Donato wí.

"Bẹ́ẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n fi ìbànújẹ́ kà á."

Mo wà lórí ìkúnlẹ̀, mò ń rán etí ṣòkòtò rẹ̀, abẹ́rẹ́ méjì wà lẹ́nu mi. Mo yọ abẹ́rẹ́ kúrò lẹ́nu, mo ní, "Ṣé o máa kà á?"

"Mo máa kà á. Bọ́ sẹ́yìn, Nata."

Wọ́n tan iná. Àwọn káfíńtà ti bẹ̀rẹ̀ sí í kan ààfin ọba Lárúbáwá lẹ́yìn ògiri, gbà-gbà-gbà. Ẹni tó ń tọ́jú téèpù fi ìwé ìròyìn bojú. Ohun tó máa ń wà lórí téèpù yẹn kò ju ariwo lọ, kò sẹ́ni tó ń gbọ́ ọ. Malvisi ń wo kámẹ́rà, kò tẹ́tí. Ta ni yóò tẹ́tí sí ẹni tó ń ka òǹkà? Èmi tí mo wà ní ẹsẹ̀ bàtà mẹ́fà sí i nìkan ni mo gbọ́ nígbà tó gbójú sókè tó sọ pé, "Ọ̀gá adájọ́, ẹ ní mo jí ilẹ̀." Ọ̀rọ̀ bàbá ni. Kò fo ọ̀kan. Nígbà tó parí, Malvisi ń fi aṣọ ìnujú nu ojú, ó ní òun ò rí ẹni tó ka òǹkà báyẹn rí láyé. Èmi tún kó abẹ́rẹ́ sẹ́nu kí n má bàa rẹ́rìn-ín.

Oṣù méjì lẹ́yìn náà ni wàhálà bẹ́ sílẹ̀. Wọ́n gbé àwòrán náà lọ sí yàrá dúdú. Anselmi sọ ọ̀rọ̀ ọmú, kò bá ètè Donato mu, ó dà bí ẹni tó ń jẹ iṣu gbígbóná. Wọ́n gé ọ̀rọ̀ kúrú, wọ́n fà á gùn, kò mu. Wọ́n gbọ́ téèpù, òòlù káfíńtà ló kún inú rẹ̀. Kóòtù ti di ààfin, ààfin náà ti di ilé ìfowópamọ́ tí wọ́n máa jà lólè. Malvisi ránṣẹ́ pe Donato sí ọ́fíìsì, mo tẹ̀ lé e dé ẹnu ọ̀nà, mi ò sì pa ìlẹ̀kùn dé.

"Kí lo sọ níbẹ̀?"

"Òǹkà tí ẹ ní kí n kà ni."

"Òǹkà wo ló ní irú ètè báyẹn? A ti kà á dé igba!"

"Òǹkà ilé wa ni, ọ̀gá."

Malvisi lu tábìlì. "Pe ọ̀rọ̀ náà fún akọ̀wé mi nísinsìnyí, kó kọ ọ́ sílẹ̀, Anselmi á bá wa sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ ti tán nìyẹn."

"Ẹnu mi ni ọ̀rọ̀ náà wà. Tí ẹ bá fẹ́ ẹ, ẹ gbé òun àti ẹnu pọ̀."

"Ṣé o mọ ẹni tó ò ń bá sọ̀rọ̀? Tí mo bá fóònù síbi mẹ́rin péré, o ò ní ṣiṣẹ́ mọ́ nílùú yìí. Mo lè pa ọ́ nínú iṣẹ́ yìí, Donato."

Ibẹ̀ ni ọkọ mi ti fi ọ̀wọ̀ sílẹ̀. "Gbọ́, ọmọdé. Ìgbà mọ́kànléláàádọ́rin ni wọ́n ti pa mí. Èyí tó o fẹ́ pa yìí ló wá máa bà mí lẹ́rù?"

Inú mi dùn débi pé mo fẹ́ pàtẹ́wọ́. Malvisi rí mi lẹ́nu ọ̀nà, ó sì sọ ohùn rẹ̀ di pẹ̀lẹ́. "Ìyá Assunta, ẹ̀yin lẹ gbọ́n jù nínú ilé yín. Ẹ dúró tì í lọ́jọ́ náà, ẹ gbọ́ ohun tó sọ. Ẹ rántí pé ẹ̀yin náà ń ṣiṣẹ́ níbí."

"Abẹ́rẹ́ wà lẹ́nu mi lọ́jọ́ náà, ọ̀gá," ni mo wí. "Ẹni tó fi eyín di abẹ́rẹ́ mú kì í gbọ́ràn."

Ní ọjọ́ Àbámẹ́ta, wọ́n ní kí n kó sísọ́ọ̀sì mi lọ sílé.

Ọjọ́ kejì, a ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Máàsì dé, ẹnì kan kan ilẹ̀kùn. Mo ní, "Ta nìyẹn?" Ohùn kan dáhùn, ara mi sì bù máṣọ, nítorí ohùn ọkọ mi ni, ohùn ọkọ mi tinú fíìmù, Donato gidi sì wà lẹ́yìn mi tó ń gé búrẹ́dì. Mo ṣílẹ̀kùn. Ọkùnrin tín-ín-rín kan ló dúró níbẹ̀, ó pá lórí, ó fi okùn tẹ́ẹ́rẹ́ gbé àpótí àkàrà òyìnbó kan dání. Anselmi nìyẹn. Fún ọdún méjìdínlógún, òun àti ọkọ mi kò fojú kanra rí.

Ká ní mo ní ìgbálẹ̀ nítòsí ni, ǹ bá ti gbá a dànù. Ẹ gbọ́ mi yé. Mo ti jókòó nínú sinimá pẹ̀lú ọmọbìnrin mi tó ń bi mí pé kí ló dé tí ohùn bàbá òun nílé fi yàtọ̀. Ọkùnrin yìí ni mo máa ń bú nínú ọkàn mi.

"Ẹ jókòó," ni Donato wí.

Anselmi jókòó, ó ń wo ẹnu Donato. "Ẹ má bínú, mi ò lè ṣe kí n má wò ó. Mo mọ eyín yín ju ti ìyàwó mi lọ. Èyí tó kán ní apá òsì yẹn máa ń mú kí n pẹ́ lórí ọ̀rọ̀."

"Ìbaaka ni."

"Àá. Mo ti ń rò ó láti ọdún pípẹ́." Ó tún ara rẹ̀ ṣe. "Mi ò ní purọ́ fún yín. Wọ́n rán mi wá gba ọ̀rọ̀ náà ni. Tí mo bá gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan, mo lè ṣe é. Kò sí ètè tí mi ò lè bá mu."

Mo la ẹnu láti fún un ní tirẹ̀, Donato gbé ọwọ́ sókè. Ó gbé ọ̀bẹ búrẹ́dì sílẹ̀, ó dìde lẹ́gbẹ̀ẹ́ tábìlì, ó sì sọ gbogbo rẹ̀. Lákọ̀ọ́kọ́, Anselmi ń wo ètè rẹ̀, ètè tirẹ̀ náà sì ń mì tẹ̀ lé e. Nígbà tó yá, ó dijú, ètè rẹ̀ kò mì mọ́.

Donato parí, ó jókòó. Mo ní, "Ṣé ẹ lè ṣe é àbí ẹ ò lè ṣe é?"

"Mo lè ṣe é, ìyá. Mo ti ṣe é tán nínú orí mi." Ó yíjú sí Donato. "Ọ̀rọ̀ ta ni?"

"Ọ̀rọ̀ bàbá mi ni. Ó sọ ọ́ ní kóòtù. Wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀ pé kò ní ohun kan láti sọ."

Anselmi mu wáìnì rẹ̀ tán pátá. "Bí èmi bá wá sọ ọ́," ló wí, "wọ́n tún kọ ọ́ bẹ́ẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì nìyẹn."

Ó dìde pé òun ń lọ. Mo ní kó jókòó, ata yíyan àti ẹyin wà lórí iná, kò sẹ́ni tó ń jáde nílé mi lọ́jọ́ Ìsinmi láìjẹun. Ó jẹ àwo méjì. Lọ́jọ́ Ajé, ó sọ fún Malvisi pé ọ̀nà ọ̀fun ń dun òun, kò sì padà sí yàrá yẹn mọ́ títí fíìmù náà fi parí. Ọdún méjìdínlógún ni mo fi tọ́jú ìkórìíra ọkùnrin yẹn, ó sì fi ọ̀sán kan bà á jẹ́ mọ́ mi lọ́wọ́.

Ẹ̀yin lè rò pé Malvisi wá tú ọkọ mi sílẹ̀ kó sọ̀rọ̀. Rárá o. Ìgbéraga ò jẹ́ kó ṣe bẹ́ẹ̀. Orin fáólììnì, gòjé àwọn òyìnbó, ló dà sórí gbogbo rẹ̀. Fún ìṣẹ́jú mẹ́rin, ojú Donato kún aṣọ funfun, ẹnu rẹ̀ ń sọ̀rọ̀, fáólììnì sì ń sunkún lé e lórí. Ìwé ìròyìn kan ní Róòmù yìn ín. Wọ́n ní olùdarí náà ti fi ìdákẹ́jẹ́ àgbẹ̀ hàn, ìdákẹ́jẹ́ tó ti wà láti ayébáyé. Donato kà á, ó tún un kà, ó kà á sókè fún mi. Mo gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, mo fi nu gíláàsì fèrèsé.

Tẹlifóònù ilé kọfí ìsàlẹ̀ tí wọ́n fi ń pè é síṣẹ́ kò dún fún wa mọ́. Ó dún fún gbogbo àdúgbò, àwa nìkan ló yẹ̀. Donato padà sídìí símẹ́ǹtì ní ẹni ọdún méjìdínláàádọ́ta. Kò ráhùn. Ṣùgbọ́n ó lọ wo fíìmù náà nígbà mẹ́sàn-án, ó máa ń jókòó síwájú pátápátá. Mo rò pé ìbànújẹ́ ló ń gbé e lọ, ọkàn mi sì bàjẹ́ nítorí rẹ̀.

Ní oṣù Kẹjọ a lọ sílé fún àjọ̀dún ìlú, fíìmù náà sì dé Serrabruna. Gbọ̀ngàn fadá ni wọ́n ti fi í hàn, lẹ́yìn Máàsì ọjọ́ Ìsinmi, wọ́n ti gbogbo fèrèsé mọ́ oòrùn. Mincuccio tó ń lu agogo ìjọ ló ń wa ẹ̀rọ. Bàbá Canio kì í wá síbẹ̀ rí, ó ní òun kò mọ Dan. Lọ́jọ́ yẹn, Donato kúnlẹ̀ bẹ̀ ẹ́, ó sì wá. Ẹni ọdún mọ́kàndínlọ́gọ́rin ni. Ó jókòó ní ìlà iwájú, ó fi fìlà lé orúnkún.

Ara àwọn èèyàn yá sí fíìmù náà. Wọ́n ń pe orúkọ oko tí kò tilẹ̀ sí nínú rẹ̀, wọ́n ń bú ọlọ́pàá orí aṣọ ní orúkọ ọlọ́pàá tiwa. Ó wá kan kóòtù. Ojú Donato yọ gbàgede, ẹnu rẹ̀ là, fáólììnì bẹ̀rẹ̀. Ẹnì kan kígbe láti ẹ̀yìn pé, "Donà, lọ́tẹ̀ yìí wọ́n tilẹ̀ gé ahọ́n rẹ ni!" Wọ́n rẹ́rìn-ín. Bàbá Canio kò rẹ́rìn-ín. Ó ti na ọwọ́ gbé fìlà, ó fẹ́ máa lọ.

Donato dìde. "Mincù, dá a padà sí ìbẹ̀rẹ̀ kóòtù, kó o pa ohùn ẹ̀rọ yẹn."

"Fadá á bínú sí mi."

"Jẹ́ kó bínú. Pa á!"

Fáólììnì dákẹ́. Ẹ̀rọ nìkan ló ń dún ṣẹ̀ẹ̀ṣẹ̀ẹ̀. Ọkọ mi lọ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ funfun, kò wẹ̀yìn wo ojú ara rẹ̀ rárá, àwa ló kọjú sí. Bí ẹnu orí aṣọ ti là ni ẹnu tirẹ̀ là. Ìgbà yẹn ló yé mi ohun tó ń lọ ṣe nígbà mẹ́sẹ̀ẹ̀sán.

"Ọ̀gá adájọ́, ẹ ní mo jí ilẹ̀. Ilẹ̀ kì í ṣe adìyẹ, mi ò lè kì í sábẹ́ ẹ̀wù sá lọ. Ibi tí mo ti bá a náà ló ṣì wà, ẹ rán èèyàn lọ wò ó. Ohun tó yàtọ̀ kò ju pé ẹ̀gún ló wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀, ọkà ló wà níbẹ̀ báyìí. Ogójì ọdún ni ẹ̀gún fi jẹ ilẹ̀ yẹn, ẹ ò rán ọlọ́pàá sí ẹ̀gún. Ehoro ń gbé ibẹ̀, ó ń bímọ síbẹ̀, ẹ ò mú ehoro. Èmi tí mo bí ọmọ mẹ́fà, mo mú ìbaaka kan àti àpò irúgbìn kan débẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta, ẹ fi ṣẹkẹ́ṣẹkẹ̀ sí mi lọ́wọ́. Ẹ ní kí n tọrọ àforíjì lọ́wọ́ onílẹ̀. Mo ti wo gbogbo kóòtù yìí, mi ò rí i. Kò wá. Kò mọ ibi tí ilẹ̀ náà wà, ọ̀gá. Bó bá fẹ́ lọ wò ó, èmi ló máa mú un lọ. Nítorí náà, nígbà tí ẹ bá…"

Ó dúró. Ẹnu orí aṣọ náà dúró. Ìyá àgbàlagbà kan ń sunkún lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, èmi náà ń sunkún, mi ò fi pamọ́.

"Kò parí síbẹ̀," ni Bàbá Canio wí.

"Bàbá, ibi tí wọ́n dá yín dúró dé nìyẹn. Mi ò mọ èyí tó kù."

"Báwo lo ṣe fẹ́ mọ̀ ọ́n? Mi ò sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni."

Ó fi ọwọ́ ti àga, ó dìde, ó dé fìlà rẹ̀. Mincuccio ti gbàgbé ohùn, ẹ̀rọ ṣì ń lọ. Lára aṣọ, adájọ́ ti rọ́pò ojú Donato, ó tóbi bí ilé, ó ń na ìka, ó ń jágbe, a kò sì gbọ́ nǹkan kan. Bàbá ọkọ mi gbójú sókè sí i.

"Ẹ dákẹ́ ná, ọ̀gá. Mo ń sọ̀rọ̀ lọ́wọ́."

Ó mí sínú.

"Nígbà tí ẹ bá dá mi sílẹ̀, ilé kọ́ ni mo máa kọ́kọ́ lọ. Oko yẹn ni. Ẹ tètè kọ ọjọ́ náà sílẹ̀ níbẹ̀ yẹn, kí àwọn ọlọ́pàá yín má bàa máa wá mi kiri."

Gbọ̀ngàn dìde. Lórí wọn, adájọ́ ṣì ń bá ọ̀rọ̀ tirẹ̀ lọ lára aṣọ, ẹnu rẹ̀ ń là, ẹnu rẹ̀ ń pa dé. Kò sẹ́ni tó mọ ohun tó sọ.